Ọkọ̀ Onígi àti Àtùpà Ojú Omi

(Ọ̀rọ̀ tí Akọ̀wé Ẹgbẹ́ bá àwọn ọmọ ẹgbẹ́ sọ ní ìpàdé ẹ̀ka Lọ́kọ́ja)

Ẹ mọ̀ pé èmi kì í ṣe ọ̀mọ̀wé. Ìwé mẹ́fà ni mo kà, iṣu àti ẹ̀wà ni mo sì ń tà. Ṣùgbọ́n Alága ní kí n sọ̀rọ̀ ìtàn díẹ̀ fún wa, mo sì rò pé ìtàn omi ni ó yẹ wá, nítorí etí omi ni a ń gbé.

Ọkọ̀ kan wà tí kì í rìn. Ìdákọ̀ró ni wọ́n fi so ó mọ́lẹ̀ síbi tí àpáta tàbí iyanrìn fara pamọ́ sábẹ́ omi. Wọ́n gbé àtùpà kọ́ sókè òpó rẹ̀. Nígbà àtijọ́, àwọn ènìyàn máa ń gbé inú rẹ̀ láti máa tan iná náà ní alaalẹ́. Bí kùrukùru bá bo ojú omi nígbà náà, agogo ni wọ́n máa ń lù. Ọkọ̀ tí ó bá ń bọ̀ lókèèrè yóò rí iná náà, yóò sì mọ̀ pé ibẹ̀ kò ṣeé gbà. Ọkọ̀ àtùpà ni ẹ jẹ́ kí a máa pè é. Ní ẹnu odò Thames ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n ti gbé irú rẹ̀ síbẹ̀ láti ọdún 1732.

Ní Amẹ́ríkà, adágún kan wà tí à ń pè ní Michigan, tí ó fẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ẹni tí ó dúró ní etí rẹ̀ kò lè rí òdìkejì. Ní ọdún 1832 ni wọ́n so ọkọ̀ onígi kan tí ń jẹ́ Lois McLain mọ́ ibi omi tí kò jìn ní Waugoshance, kí ó máa tanná fún àwọn ọlọ́kọ̀. Òun ni ọkọ̀ àtùpà àkọ́kọ́ ní àwọn adágún ńlá ibẹ̀. Ó ṣe iṣẹ́ náà títí wọ́n fi kọ́ ilé àtùpà rọ́pò rẹ̀ ní ọdún 1851.

Ẹ fi ọdún 1832 yẹn sọ́kàn. Ọdún yẹn gan-an ni ọkọ̀ eléèéfín méjì gbéra láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì wá sí Odò Ọya wa yìí. Macgregor Laird àti Richard Lander ni ó kó wọn wá. Ọkọ̀ kan jẹ́ onígi, gígùn rẹ̀ tó ẹsẹ̀ bàtà 112. Èkejì jẹ́ onírin, ó kéré sí i, ẹsẹ̀ bàtà 70 ni. Ní àkókò náà, ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé oòrùn ilẹ̀ wa yóò sun àwọn tí ó bá wọ inú ọkọ̀ onírin bí ẹní sun iṣu. Kò rí bẹ́ẹ̀. Irin náà ń gba tútù omi, inú rẹ̀ kò sì gbóná tó ti onígi.

Orúkọ àwọn ọkọ̀ náà yóò dùn mọ́ yín. Onígi ń jẹ́ Quorra, èyíinì ni Kwara, orúkọ tí àwọn ará òkè ń pe odò yìí. Onírin ń jẹ́ Alburkah, èyíinì ni àlùbáríkà tí àwa náà ń tọrọ ní òwúrọ̀ kí a tó ṣí ìsọ̀.

Ṣùgbọ́n odò kò wo orúkọ. Nígbà tí Quorra dé itòsí ibi tí Ọya àti Bẹ́núé ti pàdé, omi ti ń fà. Ó há sórí iyanrìn, ó sì jókòó síbẹ̀ fún oṣù púpọ̀, ó ń retí kí omi kún. Ọkọ̀ tí ó gbẹ́kẹ̀ lé èéfín láti sáré wá di ọkọ̀ tí kò lè rìn. Kò sí àtùpà kankan tí ó sọ fún un pé iyanrìn ń bẹ níwájú. Ibà sì wọ inú ọkọ̀ méjèèjì. Nínú òyìnbó 48 tí ó bá ìrìnàjò náà wá, 9 péré ni ó yè. Lander fúnra rẹ̀ fara gbọta lórí odò, ó sì kú ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1834.

Ẹni tó jìn sí kòtò kọ́ ará yòókù lọ́gbọ́n. Ní 1841 ọkọ̀ mẹ́ta mìíràn wá, Àjàyí Crowther ọmọ wa láti Òṣogùn sì wà nínú wọn. Ibà tún pa púpọ̀. Ní 1854, Dókítà Baikie wá pẹ̀lú ọkọ̀ Pleiad. Ó fún àwọn ènìyàn rẹ̀ ní kínínní lójoojúmọ́ kí ibà tó dé, ibà kò sì pa ẹnì kankan nínú wọn. Ní 1857, ọkọ̀ Dayspring kọlu àpáta nítòsí Jẹ́bbà, ó sì rì. Glover, tí ó di gómìnà Èkó lẹ́yìn náà, fi ẹsẹ̀ rìn gba ilẹ̀ Yorùbá já sí Èkó láti lọ wá ìrànlọ́wọ́. Ní nǹkan bí ọdún 1860 ni Baikie wá fi Lọ́kọ́ja yìí ṣe ibùdó. Ọkọ̀ tí ó há àti ọkọ̀ tí ó rì wà lára ohun tí ó bí ìlú tí a ń jẹun nínú rẹ̀.

Ẹ̀yin ará, kí ni mo fẹ́ fà yọ? Ó pẹ́ kí wọ́n tó mọ̀ pé kínínní ń dá ibà dúró, ènìyàn sì kú kí wọ́n tó mọ̀ ọ́n. Ní ti ewu omi, àwa ti mọ ohun tí ń dá a dúró, a kàn kò ṣe é ni. Ní oṣù kẹfà ọdún 2023, ọkọ̀ kan tí ó kó àwọn tí ń ti ibi ìgbéyàwó bọ̀ dànù lórí Ọya ní agbègbè Pàtígì, ó sì lé ní 100 ènìyàn tí ó kú. Òru ni, wọ́n sì pọ̀ jù nínú ọkọ̀ kan ṣoṣo.

Èmi pàápàá ti rí i. Ní ọdún mélòó kan sẹ́yìn, mo ń ti ọjà Idà bọ̀ lóru. Ọlọ́kọ̀ wa kò ní àtùpà, àwa náà kò sì bèèrè, nítorí à ń sáré kí a lè bá ọjà òwúrọ̀. Kùkùté igi kan tí ó wà lábẹ́ omi gba ìdí ọkọ̀ wa. Ogójì iṣu mi àti àpò ẹ̀wà méjì lọ sómi. Ìyẹn kò dùn mí mọ́. Ohun tí mo ṣì ń gbọ́ létí ni igbe ìyá kan tí ọmọ rẹ̀ bọ́ lẹ́yìn rẹ̀. Ọmọkùnrin apẹja kan ni ó bẹ́ sínú òkùnkùn, tí ó fa ọmọ náà jáde. Bí apẹja yẹn kò bá sí nítòsí ńkọ́? Láti ọjọ́ náà n kò wọ ọkọ̀ lóru mọ́, bí ọjà tilẹ̀ fẹ́ bọ́ mọ́ mi lọ́wọ́.

Owó aṣọ ẹgbẹ́ ti ọdún yìí wà ní ọwọ́ Akápò. Mo mọ̀ pé àwọn ìyá wa ti ń yan àwọ̀. Ẹ má bínú sí mi. Mo dá a lábàá pé kí a fi ìdajì owó náà ra ẹ̀wù tí í mú ni léfòó, kí ó wà ní ọ̀dọ̀ Akọ̀wé, kí ọmọ ẹgbẹ́ tí ó bá fẹ́ wọ ọkọ̀ wá gbà á, kí ó sì dá a padà. Èkejì, kí a ra àtùpà tí ń lo oòrùn, kí a bá àwọn ọlọ́kọ̀ àti baálẹ̀ etí omi sọ̀rọ̀, kí a gbé e kọ́ síbi tí wọ́n bá fi hàn wá pé ó léwu. Ẹ̀kẹta, kí a fohùn ṣọ̀kan pé ọmọ ẹgbẹ́ wa kankan kò ní í wọ ọkọ̀ tí ó kún jù, tàbí ọkọ̀ òru.

Àwọn kan yóò sọ pé odò kì í ṣe ti àwa àlejò, kí onílé tún un ṣe. Ṣùgbọ́n omi kì í bèèrè ìlú ẹni kí ó tó gbé ni lọ. Apẹja tí ó fa ọmọ yẹn jáde kò bèèrè èdè tí ìyá rẹ̀ ń sọ.

Ọkọ̀ àtùpà kì í dé ibì kankan, àwọn ọkọ̀ mìíràn ni ó ń mú dé ibi tí wọ́n ń lọ. Ẹ jẹ́ kí ẹgbẹ́ wa dà bẹ́ẹ̀ ní ìlú yìí. Ìdáhùn di ọwọ́ yín. Kí Ọlọ́run máa mú àwa àti ọjà wa gúnlẹ̀ láyọ̀.