Dídènà Àrùn Ọpọlọ



Àwọn oníṣègùn a máa wí pé ìgbà mẹ́ta ni a lè dènà àrùn: kí ó tó wọlé, nígbà tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé, àti lẹ́yìn tí ó ti ṣe ọṣẹ́. Bí a bá ń sọ̀rọ̀ ibà, èyí yé gbogbo wa. Ṣùgbọ́n bí ó bá kan àrùn ọpọlọ, a máa ń rò pé kò sí ìdènà. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ibà líle a máa gun ọmọdé dé ọpọlọ, wárápá a sì máa bá òmíràn nínú wọn lẹ́yìn rẹ̀. Nítorí náà, ẹni tí ó da omi adágún nù létí ọ̀sà wa yìí ń dáàbò bo ọpọlọ ọmọ rẹ̀ pẹ̀lú.

Ìgbà kejì ni kí a tètè mọ̀ ọ́n. Ẹni tí kì í rí oorun sùn mọ́, tí ó ń sá fún ènìyàn, tí ó ń dá sọ̀rọ̀, ẹ má ṣe fi í pamọ́ sí ìyẹ̀wù. Yábàá kò jìnnà. Ibi ìfènìyànpamọ́ lásán ni ó jẹ́ nígbà tí a ṣí i ní 1907, ṣùgbọ́n ó ti di ilé ìwòsàn tòótọ́ tipẹ́tipẹ́.

Ìgbà kẹta ni a kì í náání. Ní 1954, Dókítà Thomas Adéoyè Lambo, ọmọ Abẹ́òkúta, dá ètò kan sílẹ̀ ní Aró: a fi àwọn aláìsàn wọ̀ sí ilé àwọn ará abúlé tí ó yí ilé ìwòsàn ká, àwọn onílé sì ń gba owó ilé. Ìbátan kan gbọ́dọ̀ bá aláìsàn wá, kí ó máa se oúnjẹ fún un, kí ó sì máa sìn ín lọ gba ìtọ́jú. Báyìí ni aláìsàn kò fi di àjèjì sí iṣẹ́ àti ọjà kí ó tó padà sílé.

Àwa ńkọ́? “Wèrè dùn ún wò, kò dùn ún bí lọ́mọ.” Òwe yìí ti pa ọ̀pọ̀ ìdílé lẹ́nu mọ́. Apẹja ti Yábàá dé, ara rẹ̀ ti yá, a kò fún un ní àwọ̀n mọ́. Ìtìjú mú un jáwọ́ nínú oògùn, àìsàn sì padà. Òfin ìlera ọpọlọ tí a fọwọ́ sí ní 2023 ti ka irú ìyàsọ́tọ̀ bẹ́ẹ̀ léèwọ̀, ṣùgbọ́n òfin kò lè sin ènìyàn lọ gba oògùn. Kí ìdílé yan ẹnì kan tí yóò máa bá a lọ ní ọjọ́ tí dókítà bá dá, kí wọ́n sì dá àwọ̀n rẹ̀ padà fún un.