Ta Ni A Ń Yà Ní Ọ̀tá?
(Ọ̀rọ̀ tí a sọ fún àwọn ọ̀dọ́ ní ìpàdé ẹ̀ka wa ní Kamazou)

Ẹ ní kí n sọ̀rọ̀ lórí eré orí kọ̀ǹpútà. Kí ẹnikẹ́ni má ṣe wí pé ọ̀rọ̀ ọmọdé ni, nítorí ohun tí ọmọdé fi ń ṣeré lónìí ni yóò fi máa wo ayé lọ́la.

Ọmọkùnrin kan ní àgbàlá wa fẹ́ ṣe eré ìbọn bíi ti àtijọ́, irú èyí tí a kì í rí akọni inú rẹ̀, àfi ìbọn ọwọ́ rẹ̀, tí ojú ẹni tí ń ṣeré sì di ojú akọni. Ó fi ìwé tí ó ti ya àwọn ọ̀tá sí hàn mí.

Mo sọ fún un bí àwọn aṣáájú ti ṣe é. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1993 ni ilé iṣẹ́ id Software ní Amẹ́ríkà gbé eré Doom jáde. Amọ̀ ni Adrian Carmack fi mọ díẹ̀ nínú àwọn ẹ̀dá abàmì inú rẹ̀. Wọ́n ya àwòrán wọn láti ìhà púpọ̀, wọ́n sì tún un kùn nínú kọ̀ǹpútà. Àwòrán pẹlẹbẹ lásán ni, ṣùgbọ́n nítorí pé a lè rí ẹ̀dá kan láti ìhà mẹ́jọ, ó dà bí ẹni pé ó ń yí padà.

Ọgbọ́n tó tóbi jù níbẹ̀ ni pé iṣẹ́ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n fún ẹ̀dá kọ̀ọ̀kan. Imp a máa ju iná láti òkèèrè. Demon a máa sáré wá gé ni jẹ. Cacodemon, olójú kan rogodo, a máa léfòó. Ìrísí wọn fi agbára wọn hàn: agbára Imp jẹ́ 60, ti Cacodemon 400, ti Cyberdemon gìrìwò 4,000. Ẹni tó bá wo ọ̀tá ti mọ bí yóò ṣe bá a jà.

Irú ẹ̀dá bẹ́ẹ̀ kò sì jìnnà sí wa. Nínú ìwé Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmalẹ̀ tí D. O. Fágúnwà kọ, tí ó jáde ní 1938, Àgbákò ní ojú mẹ́rìndínlógún yí orí ká. Ta ni yóò yọ́ gba ẹ̀yìn lọ bá irú ẹni bẹ́ẹ̀? Nínú ìwé The Palm-Wine Drinkard tí Amos Tutùọlá kọ, tí ó jáde ní 1952, ọkùnrin arẹwà kan ń dá ẹ̀yà ara tí ó yá padà ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, títí ó fi ku agbárí. Ẹ fi í sínú eré, kí ẹ wo bí ẹ̀rù yóò ṣe ba ènìyàn!

Ṣùgbọ́n nígbà tí mo ṣí ojú ewé kejì, ọ̀tá tí mo rí kò ní ìwo. Fìlà àti ẹ̀wù àwọn aládùúgbò wa ni ó wọ̀. Mo bi ọmọ náà pé, “Kí ni ẹni yìí ṣe?” Kò rí èsì fọ̀.

Ní 2007, nígbà tí Capcom ti Japan fi àwòrán eré Resident Evil 5 han aráyé, ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ẹ̀hónú hàn pé òyìnbó ni wọ́n gbé ìbọn lé lọ́wọ́ láti máa yin ìbọn fún àwọn ará Áfíríkà. Ohun tí ó dùn wá nígbà tí wọ́n ṣe é sí wa, ṣé ó yẹ kí a ṣe é sí ẹlòmíràn?

Ẹ̀yin àgbà rántí Kàdúná ní 2000 àti 2002. Àwọn tó jọ ń pọn omi ní kànga kan di ọ̀tá ara wọn, ẹ̀mí ṣòfò, ọ̀pọ̀ sì kó kúrò ní ilé wọn títí láé. Kí ènìyàn tó lè pa aládùúgbò rẹ̀, ó ti kọ́kọ́ sọ ọ́ di iwin lọ́kàn ara rẹ̀.

Ilé là á wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Bẹ́ẹ̀ náà ni kí a wo ilé tí à ń gbé kí a tó ya ọ̀tá. Mo bẹ̀ yín, ẹ̀yin àgbà, ẹ máa pa àlọ́ iwin àti ẹbọra fún àwọn ọmọ wọ̀nyí, kí wọ́n má baà wá ẹ̀rù lọ sí ojúlé kejì.

Ọmọ náà ti pa fìlà yẹn rẹ́. Ojú mẹ́rìndínlógún ni ó ń yà báyìí.