Rudolf Hrušínský: Òṣèré Tí Kò Yí Ohùn Padà

Iṣẹ́ òṣèré ni kí ó máa yí ohùn padà. Rudolf Hrušínský, ọmọ Czechoslovakia tí a bí ní 1920, mọ iṣẹ́ náà dunjú. Nínú sinimá ọdún 1956, ó di Švejk, ọmọ-ogun tí ń fi ẹ̀rín ṣe bí òmùgọ̀ níwájú ọ̀gá. Ní 1969, ó di òṣìṣẹ́ ibi tí a ti ń sun òkú, ẹlẹ́nu dídùn tí ẹ̀kọ́ Násì sọ di apànìyàn nínú ilé ara rẹ̀; ohùn pẹ̀lẹ́ ni ó fi dẹ́rù bani.

Ní 1968, ó fọwọ́ sí ìwé “Ẹgbàá Ọ̀rọ̀”, èyí tí ó bèèrè òmìnira. Lẹ́yìn tí àwọn ọmọ-ogun Soviet àti alájọṣe wọn ya wọ ilẹ̀ náà, àwọn aláṣẹ ní kí ó sẹ́ ẹ. Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ẹyin ni ohùn. Bí ó bá balẹ̀, fífọ́ ní í fọ́. Hrušínský kò tẹríba láti ṣà á. Wọ́n ti ilẹ̀kùn sinimá àti tẹlifíṣọ̀n mọ́ ọn fún ọdún púpọ̀. Orí ìtàgé Tíátà Àpapọ̀ ní Prague ni ó kù fún un.

Nígbà tí ilẹ̀kùn tún ṣí, ó ṣe dókítà abúlé nínú sinimá Jiří Menzel ní 1985. Ìjọba náà wó ní 1989. Ní 1990, ó wọ ilé aṣòfin. Ó kú ní 1994. Gbogbo ohùn ni ó lè yí padà lórí ìtàgé, àfi tirẹ̀.