Kókósẹ̀ Ọmọ Wa Lórí Pápá

Ẹ̀yin òbí wa ní Ìkáràm Àkókó, ilẹ̀ wa ilẹ̀ àpáta ni. Ọmọ fò gba bọ́ọ̀lù, ó balẹ̀ sórí òkúta wẹẹrẹ, kókósẹ̀ yí, ó wú bí àkàrà. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi omi gbígbóná jó o, ẹ má fi róòbù ra á lọ́jọ́ náà. Ooru á jẹ́ kó wú sí i ni. Ẹ fi aṣọ wé omi inú ọ̀rá tó ti dì, ẹ gbé e lé kókósẹ̀ náà fún ìṣẹ́jú 20. Bí ọmọ náà kò bá lè rin ìṣísẹ̀ 4, ẹ gbé e lọ ya fọ́tò egungun.

Ṣùgbọ́n ká má kàn dúró de ìfarapa o: ìwádìí kan láti Norway, tó jáde ní 2008, fi hàn pé ìdárayá ìṣẹ́jú 20 tí wọ́n ń pè ní FIFA 11+ dín ìfarapa àwọn ọ̀dọ́mọbìnrin agbábọ́ọ̀lù kù ní nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́ta. Sísáré pẹ̀lẹ́, fífẹsẹ̀ kan dúró, fífò: kóòṣì wa lè bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ lọ́la, láìná kọ́bọ̀.