Alùfáà Samuel Johnson ti Ọ̀yọ́, Òpìtàn Ogun Ilẹ̀ Yorùbá

Àwọn àgbà ní bí ọmọdé kò bá bá ìtàn, yóò bá àrọ́bá, àrọ́bá sì ni baba ìtàn. Ṣùgbọ́n àrọ́bá pàápàá a máa bá ẹni tí ó mọ̀ ọ́n wọ ibojì. Ohun tí ó ba Alùfáà Samuel Johnson lẹ́rù nìyí, tí ó fi mú kálàmù.

Ní ọdún 1846 ni a bí i ní Hastings, ní ilẹ̀ Sàró. Ìran Aláàfin Abíọ́dún ni baba rẹ̀. Ní 1858 àwọn òbí rẹ̀ kó wá sí Ìbàdàn. Ọmọdé ni ó wà níbẹ̀ nígbà tí ogun Ìjàyè bẹ́ sílẹ̀ ní 1860. Ó kàwé ní Abẹ́òkúta, ó di olùkọ́, lẹ́yìn náà ó di alùfáà.

Johnson kì í ṣe ẹni tí ó jókòó sílé kọ ìtàn ogun. Nígbà tí Ìbàdàn àti Èkìtìparapọ̀ dojú ìjà kọ ara wọn ní Kírìjì, òun ni ó ń jẹ́ iṣẹ́ láàrin Aláàfin Adéyẹmí Kìíní àti Gómìnà Èkó. Ní 1886, Gómìnà Moloney rán òun àti Alùfáà Charles Phillips lọ sí ibùdó ogun láti parí ìjà. Ọdún náà ni a fọwọ́ sí ìwé àdéhùn, ṣùgbọ́n ó di 1893 kí àwọn ọmọ ogun tó tú ká.

Ní Ọ̀yọ́ ni ó ti ṣe iṣẹ́ alùfáà títí ó fi kú ní 1901. Níbẹ̀ ni ó ti tẹ́tí sí àwọn arọ́kin ààfin. Ó kọ nípa Tóyèjẹ ti Ògbómọ̀ṣọ́ tí ó jẹ Ààrẹ Ọ̀nà Kakaǹfò lẹ́yìn Àfọ̀njá, àti bí àwọn tí ogun lé kúrò ní ìlú wọn ti wọ Ògbómọ̀ṣọ́ tí ìlú náà fi gbilẹ̀.

Ní 1897 ó parí ìwé náà, a sì fi í ránṣẹ́ sí ìlú Òyìnbó. Ó sọnù níbẹ̀! Lẹ́yìn ikú rẹ̀, àbúrò rẹ̀, Dókítà Obadiah Johnson, ṣa àwọn àkọsílẹ̀ tí ó kù jọ, ó sì tún un kọ. Ní 1916, àwọn ará Jámánì gba ọkọ̀ Appam tí ó gbé e lójú òkun. Síbẹ̀, ìwé náà jáde ní 1921.

Àwọn kan wí pé ojú Ọ̀yọ́ ni Johnson fi wo ọ̀pọ̀ ìjà. Ó lè rí bẹ́ẹ̀. Nítorí náà ni ó ṣe yẹ kí ìlú kọ̀ọ̀kan kọ tirẹ̀, bí Olóyè N. D. Oyèrìndé ti kọ Ìwé Ìtàn Ògbómọ̀ṣọ́ ní 1934. Ẹ lọ bá àwọn àgbà ilé yín kí ilẹ̀ tó ṣú. Ẹ kọ ohun tí wọ́n bá sọ, kí ẹ sì kọ ọ́ ní ẹ̀dà méjì.