Ọ̀ta Kì í Dédé Di Ọ̀ta: Ọ̀rọ̀ Lórí Ayò Chess àti Àwọn Ọmọ Wa

(Ọ̀rọ̀ tí nọ́ọ̀sì kan nínú ẹgbẹ́ wa bá àwọn òbí sọ níbi ìpàdé ẹgbẹ́ ní Aurora)

 

Ọ̀pọ̀ nínú yín mọ̀ mí sí ẹni tó máa ń wọn ẹ̀jẹ̀ ríru fún wa lẹ́yìn ìpàdé. Lónìí, mi ò ní bá yín sọ̀rọ̀ iyọ̀. Ayò ni mo fẹ́ sọ, ayò chess tí àwọn ọmọ wa ń ta níléèwé. Ìdí ni pé àwọn òbí máa ń bi mí pé, "Àǹtí Nọ́ọ̀sì, ọmọ mi ní òun fẹ́ wọ ẹgbẹ́ chess. Ṣé kò ní gba àkókò ìwé mọ́ ọn lọ́wọ́?" Ìbéèrè gidi ni. Ẹ jẹ́ ká wo àwọn tó ta ayò náà débi tí ayé fi mọ̀ wọ́n.

Nílé wa, ẹni tó mọ ayò ta là ń pè ní ọ̀ta, ẹni tí kò mọ̀ ọ́n ta ni òpè. Nínú chess, grandmaster ni ọ̀ta. FIDE, àjọ tó ń ṣàkóso chess láyé, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní Paris ní 1924, ló ń fi oyè náà jẹni. Ọdún 1950 ni wọ́n kọ́kọ́ fi í jẹ àwọn èèyàn 27. Kí èèyàn tó gbà á, máàkì rẹ̀, tí wọ́n ń pè ní rating, gbọ́dọ̀ dé 2500, ó sì gbọ́dọ̀ ta yọ lẹ́ẹ̀mẹta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ nínú ìdíje tí àwọn grandmaster mìíràn wà. Ẹni tó bá gbà á, títí ayé ló jẹ́ tirẹ̀.

Ẹ wo Maurice Ashley. Jàmáíkà ni wọ́n bí i sí ní 1966. Ìyá rẹ̀ ṣáájú wá sí Amẹ́ríkà láti wáṣẹ́, ó fi àwọn ọmọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ìyá àgbà. Ẹ̀yin tí ẹ ti fi ọmọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ màmá yín rí mọ bí ìyẹn ṣe ń rí lára. Ọmọ ọdún 12 ni Ashley nígbà tó wá bá ìyá rẹ̀ ní Brooklyn. Níléèwé girama, ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan nà án nínú chess, ó nà án gan-an ni. Dípò kó bínú, láíbìrì ló gbà lọ, ó wá ìwé chess, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kà. Nígbà tó yá, ó di olùkọ́ àwọn ọmọ Harlem kan tí wọ́n ń pè ní Raging Rooks, wọ́n sì gba ipò kìíní láàárín àwọn iléèwé wọn ní gbogbo Amẹ́ríkà ní 1991. Òun fúnra rẹ̀ kò di grandmaster títí di oṣù kẹta 1999, nígbà tó pé ọmọ ọdún 33. Òun ni aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tó gba oyè náà. Ní 2016, wọ́n fi orúkọ rẹ̀ sí ilé ọlá chess ti Amẹ́ríkà.

Ẹnì kejì ni Amon Simutowe, ọmọ Zambia. Ní 2000, ó gba ipò kejì nínú ìdíje àwọn ọ̀dọ́ àgbáyé. Ní 2007, ó ta yọ lẹ́ẹ̀kẹta tí oyè náà ń béèrè, ṣùgbọ́n rating rẹ̀ kò tíì dé 2500. Ó ní láti máa ta á lọ, 2009 ni oyè sì tó tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́. Òun ni grandmaster àkọ́kọ́ láti apá gúúsù aṣálẹ̀ Sàhárà. Ẹ̀yin tó ń bẹ̀rù ìwé, ẹ gbọ́: chess ló mú un dé Yunifásítì Texas ní Dallas, ó sì tún ka ìwé ní Oxford.

Nàìjíríà ńkọ́? Títí di ìparí 2024, a kò tíì ní grandmaster. Ṣùgbọ́n Odion Aikhoje gba góòlù lórí pátákó tirẹ̀ ní Olympiad chess ní Elista, Rọ́ṣíà, ní 1998. Tunde Onakoya sì wà, ọmọ Ìkòròdú. Ṣọ́ọ̀bù onígẹ̀rẹ́ ni ó ti kọ́ chess. Nígbà tí owó iléèwé kò sí, ìyá rẹ̀ lọ bá àwọn aláṣẹ iléèwé pé òun á máa gbálẹ̀ fún wọn, kí wọ́n jẹ́ kí ọmọ òun kàwé. Ọmọ yẹn ló dá Chess in Slums Africa sílẹ̀ ní 2018 fún àwọn ọmọ aláìní. Ní oṣù kẹrin 2024, òun àti Shawn Martinez ta chess fún wákàtí 60 ní Times Square, New York. Ní 2025, wọ́n padà lọ ta á fún wákàtí 64. Onakoya kì í ṣe grandmaster, ṣùgbọ́n ẹ wo iye ọmọ tó ń jẹ àǹfààní rẹ̀.

Ẹni ìkẹyìn ni Tanitoluwa Adewumi. Àwọn òbí rẹ̀ sá fún Boko Haram, wọ́n dé Amẹ́ríkà ní 2017, wọ́n sì ń gbé ní ilé àwọn aláìnílé ní Manhattan. Ọmọ náà fẹ́ wọ ẹgbẹ́ chess níléèwé, owó kò sí. Ìyá rẹ̀ kọ̀wé sí olùkọ́, ó sọ bó ṣe rí, wọ́n sì ní kó wá lọ́fẹ̀ẹ́. Ní oṣù kẹta 2019, ọmọ ọdún mẹ́jọ náà gba ipò kìíní ní ìpínlẹ̀ New York láàárín àwọn ọmọ kíláàsì kẹta sísàlẹ̀. Ní 2021, nígbà tó wà lọ́mọ ọdún 10, ó gba oyè National Master. Nígbà tí àwọn èèyàn dá owó tó lé ní $250,000 fún wọn, ìdílé náà fún ṣọ́ọ̀ṣì ní ìdámẹ́wàá, wọ́n fi ìyókù dá àjọ ìrànwọ́ sílẹ̀.

Kí ni mo rí nínú gbogbo èyí? Lẹ́yìn ọmọ kọ̀ọ̀kan, àgbà kan wà tó yọ̀ǹda ara rẹ̀: ìyá tó gbálẹ̀, ìyá tó kọ̀wé, olùkọ́ tó jókòó. Kò sí èyí tó lówó nínú àwọn ìyá náà. Àwa náà ń ṣe iṣẹ́ alẹ́, a ń ṣe ṣíìfù méjì, a ń dé ilé nígbà tí ọmọ ń jáde lọ síléèwé. A ń fún wọn ní bàtà, a ń fún wọn ní kọ̀ǹpútà. Ẹni tí yóò jókòó síwájú wọn ló wọ́n.

Mi ò ní tàn yín. Chess kì í sọ ọ̀pọ̀ èèyàn di olówó. Ìkọ́ni àti ṣíṣàlàyé ìdíje wà lára ohun tí Ashley fúnra rẹ̀ fi ṣiṣẹ́ ṣe. Mi ò sì sọ pé yóò gbé máàkì ìṣirò ga. Ohun tó dá mi lójú ni pé ó ń kọ́ ọmọ láti dúró, kó wo iwájú wo ẹ̀yìn, kó tó fọwọ́ kan nǹkan. Bẹ́ẹ̀ ni nọ́ọ̀sì ṣe gbọ́dọ̀ wo orúkọ aláìsàn àti ìwọ̀n oògùn kó tó fún un. Ó tún ń kọ́ ọmọ láti pàdánù, kó bọ ẹni tó nà án lọ́wọ́, kó sì padà wá.

Nítorí náà, mo bẹ yín. Ìkíní, ẹ jẹ́ kí ẹgbẹ́ ra pátákó chess mẹ́wàá, kí a máa fi wákàtí kan ta á kí ìpàdé tó bẹ̀rẹ̀. Ìkejì, ẹ̀yin bàbá tí ẹ mọ ayò ọlọ́pọ́n àti dráàfù, ẹ wá jókòó ti àwọn ọmọ. Bí ẹ kò bá mọ chess, àwọn ni yóò kọ́ yín, ẹ ó sì kọ́ wọn ní Yorùbá níbẹ̀. Ìkẹta, àwọn iléèwé girama Illinois ń díje nínú chess lábẹ́ àjọ IHSA, èèyàn mẹ́jọ ló sì ń ta fún iléèwé kọ̀ọ̀kan. Bí ọmọ yín bá fẹ́ wọ̀ ọ́, ẹ gbà fún un. Ìkẹrin, ẹ jọ̀wọ́, ẹ má sọ ọ́ di pàṣán. Ọmọ tó pàdánù kò jalè.

Òpè ni gbogbo ọ̀ta nígbà kan rí. Kí Ọlọ́run fún wa ní okun láti jókòó ti àwọn ọmọ wa, kí wọ́n má ṣe sọnù mọ́ wa lọ́wọ́ nílẹ̀ yìí.