Owó Gbà-má-bínú Kì Í Ṣe Ọrẹ Àánú



Ọ̀rọ̀ tí mo mú wá síwájú yín kò ṣàjèjì sí ẹnikẹ́ni nínú wa: owó gbà-má-bínú. Orúkọ náà dùn létí, ṣùgbọ́n ó ń ṣi ọ̀pọ̀ ènìyàn lọ́nà. Bí ẹ̀rọ bá gé òṣìṣẹ́ kan ní ìka, tí ọ̀gá rẹ̀ sì gbé àpò ìrẹsì kan wá, a óò ní, "Ó ti bẹ̀bẹ̀, kí ló tún kù?" Òfin kò rí i bẹ́ẹ̀.

Òfin tí a ṣe ní Nàìjíríà ní ọdún 2010, tí ó rọ́pò ti àtijọ́, pàṣẹ pé kí agbanisíṣẹ́ máa san, ó kéré tán, náírà 1 lórí 100 náírà owó oṣù àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ sínú àpò kan tí àjọ ìjọba, Nigeria Social Insurance Trust Fund, ń tọ́jú. Kò gbọdọ̀ yọ ọ́ nínú owó òṣìṣẹ́. Nítorí náà, ẹni tí ó fara pa kò tọrọ àánú. Ohun tí a ti fi pamọ́ dè é ni ó ń béèrè.

Àṣìṣe wa èkínní ni pé ẹni tí ó bá béèrè ti di ọ̀tá ọ̀gá rẹ̀, nítorí a kì í ti kóòtù dé ká ṣọ̀rẹ́. Ṣùgbọ́n ọ̀dọ̀ àjọ náà ni a ń mú ìwé ìbéèrè lọ, kì í ṣe kóòtù.

Èkejì, a rò pé àfi bí a bá fi hàn pé ọ̀gá ni ó jẹ̀bi. Òfin kò béèrè èyí. Ohun tí ó ń béèrè ni pé ṣé nídìí iṣẹ́ ni ìpalára náà ti bá a.

Ẹ̀kẹta, a ní ẹni tí kò ní ìwé ìgbanisíṣẹ́ kò ní ẹ̀tọ́. Àdéhùn ẹnu tó. Òfin ka ọmọ iṣẹ́ àti alágbàṣe kún òṣìṣẹ́, àti ọmọ ọ̀dọ̀ tí kì í ṣe ẹbí ọ̀gá rẹ̀.

Ẹ̀kẹrin, a rò pé òfin parí sí ẹnu ọ̀nà ilé iṣẹ́. Ó bá òṣìṣẹ́ dé ojú ọ̀nà láàrin ibi iṣẹ́ àti ilé rẹ̀, àti ibi tí ó ti máa ń jẹun.

Ẹ̀karùn-ún, a rò pé ẹni tí ó bá ti tẹ̀ka sí ìwé pé òun kò ní béèrè mọ́ ti tán. Irú àdéhùn bẹ́ẹ̀ kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀.

Ẹ̀kẹfà ni ó burú jù: pé bí ọkùnrin bá kú, ẹ̀tọ́ rẹ̀ bá a wọ sàréè. Opó tí ó ní ọmọ méjì tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ ní ẹ̀tọ́ sí 90 nínú 100 owó oṣù tí olóògbé ń gbà, lóṣooṣù. Owó oúnjẹ àwọn ọmọ ni. Kì í ṣe owó ìnáwó òkú.

Ṣùgbọ́n àkókò kò dúró de ẹnì kan. Láàrin ọjọ́ 14 ni kí òṣìṣẹ́ sọ fún ọ̀gá. Láàrin ọjọ́ 7 ni kí ọ̀gá sọ fún àjọ náà. Ọdún kan ni ìwé ìbéèrè sì ní láti wọlé.

Ẹ̀yin àgbà, iwájú yín ni a ń kó irú ẹjọ́ wọ̀nyí wá. Ẹ̀bẹ̀ dára, ìlàjà sì jẹ́ iṣẹ́ àgbà. Ṣùgbọ́n kí ẹ tó ní kí aláàbọ̀ ara tàbí opó gba ìrẹsì kí ó máa lọ, ẹ kọ́kọ́ bi ọ̀gá léèrè pé: "Ọjọ́ wo ni o kọ̀wé sí àjọ náà?" Ìbéèrè kan yìí lè dá ọmọ aláìníbaba padà sí ilé ẹ̀kọ́. Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́.